Eré Ìfẹ́ fún Àwọn Tó Ti Tójúúbọ́

Nínú oṣù kẹsàn-án ọdún 2017, àwọn obìnrin mẹ́ta ṣí ìkànnì fíìmù kan sílẹ̀ ní Amẹ́ríkà, wọ́n pè é ní Passionflix. Olùdarí eré ni Tosca Musk. Àbúrò Elon Musk tí gbogbo ayé ń pariwo rẹ̀ ni, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ ọkọ̀ oníná àti ọkọ̀ òfuurufú kò kan tirẹ̀. Joany Kane ti pẹ́ nídìí kíkọ fíìmù Kérésìmesì fún tẹlifíṣọ̀n. Jina Panebianco ni ẹni kẹta, iṣẹ́ gbígbé fíìmù jáde lòun náà ń ṣe. Ọjà kan ṣoṣo ni wọ́n pàtẹ: fíìmù tí wọ́n yọ nínú ìwé ìfẹ́, irú ìwé tí obìnrin àgbà máa ń kà lórí ibùsùn nígbà tí ọmọ bá ti sùn tán. Kò sí bọ́ọ̀lù níbẹ̀, kò sí ìròyìn, kò sí eré ọmọdé, kò sí fíìmù oníbọn. Owó oṣù rẹ̀ nígbà náà jẹ́ dọ́là mẹ́fà ó dín sẹ́ńtì kan.

Lọ́dún yẹn gan-an ni iye àwọn tó ń sanwó fún Netflix kọjá ọgọ́rùn-ún mílíọ̀nù. Ẹni tó bá sọ nígbà náà pé ìsọ̀ kékeré tó ń ta irú ọjà kan ṣoṣo kò ní pẹ́ kógbá sílé, a ò lè bá a wí. Ọdún mẹ́ta lẹ́yìn náà, ìkànnì mìíràn tó ń jẹ́ Quibi dé tìlù tìfọn, 1.75 bílíọ̀nù dọ́là ló kó jọ kí ó tó bẹ̀rẹ̀. Ó ṣí ní oṣù kẹrin ọdún 2020, ó sì ti ilẹ̀kùn ní oṣù kejìlá ọdún kan náà. Gbogbo ayé ni Quibi fẹ́ tà fún, kò sì rí ẹni tí yóò sọ pé tòun ni. Passionflix ní tirẹ̀ mọ obìnrin tó ń tà fún kí ó tó ya àwòrán àkọ́kọ́: ó mọ ìwé tó ń kà, ó mọ orúkọ ọkùnrin inú ìwé náà tí obìnrin yìí ń lá àlá rẹ̀, ó sì mọ ojú ìwé tí yóò bínú sí bí wọ́n bá yọ ọ́ kúrò.

Ó ti lé ní ọdún márùn-ún tí irú eré yìí ti ń pọ̀ sí i lórí àwọn ìkànnì kéékèèké, láti Los Angeles dé Mumbai. Àwọn kan ní ìwà ìbàjẹ́ ló gbòde. Àwọn mìíràn ní òmìnira obìnrin ló dé. Lójú tèmi, kí a tó mọ ìdí tí eré kan fi bo ara tí òmíràn fi ṣí i sílẹ̀, kí a kọ́kọ́ béèrè bí owó ṣe ń wọlé fún ẹni tó gbé e jáde. Ẹni tó ń gba owó oṣù ní irú ìfẹ́ tó ń yà, ẹni tó ń gba owó lórí abala kọ̀ọ̀kan ní tirẹ̀, ẹni tó sì ń jẹun lára ìpolówó ọjà ní tirẹ̀.

Àwọn tó ń ka ìwé ìfẹ́ ti wà kí íntánẹ́ẹ̀tì tó dáyé. Lọ́ńdọ̀nù ni ilé ìtẹ̀wé Mills & Boon ti bẹ̀rẹ̀ ní 1908; ní 1971, Harlequin ti Kánádà rà á. Ẹni tó bá lọ ilé ẹ̀kọ́ girama àwọn ọmọbìnrin nílẹ̀ Yorùbá ní ogójì ọdún sẹ́yìn mọ ibi tí mò ń lọ. Inú ìwé jọ́gíráfì ni wọ́n ń fi í pamọ́ sí kí tíṣà má baà rí i. Ẹnìkan a fi tọ́ọ̀ṣì kà á lóru, a gbé e fún ẹlòmíràn láàárọ̀, èèpo iwájú rẹ̀ a sì ti ya dànù kí ó tó dé ọwọ́ ẹni kẹwàá. Nígbà tó yá, ìwé ìròyìn Hints dé sórí àtẹ àwọn oníwèé ìròyìn wa, ìtàn ìfẹ́ àwọn ọmọ Nàìjíríà ló kún inú rẹ̀, àwọn ọmọkùnrin tó ń fi àwọn ọmọbìnrin ṣe yẹ̀yẹ́ náà sì ń yọ́ ọ kà.

Òǹkàwé yìí ni Hollywood kò kà sí. Ìwé rẹ̀ ń tà ju ọ̀pọ̀ ìwé tó ń gba àmì-ẹ̀yẹ lọ, síbẹ̀ ojú ìwé yẹpẹrẹ ni àwọn àgbà ilé iṣẹ́ fíìmù fi ń wò ó. Bí wọ́n bá tiẹ̀ ra ọ̀kan nínú rẹ̀, wọn a gé e sí wẹ́wẹ́, wọn a yí ìparí rẹ̀ padà, wọn a sì sọ ọ́ di àwàdà. Fifty Shades of Grey ló ṣí wọn lójú. E. L. James, ará Lọ́ńdọ̀nù, kọ́kọ́ kọ ìtàn náà sórí íntánẹ́ẹ̀tì fún àwọn tó fẹ́ràn ìwé Twilight. Ó di ìwé ní 2011. Nígbà tí fíìmù rẹ̀ jáde ní oṣù kejì ọdún 2015, owó tó pa káàkiri ayé lé ní 500 mílíọ̀nù dọ́là. Ojú àwọn olówó wá là, ṣùgbọ́n ìdajì ló là. Wọ́n rí ẹgba àti okùn inú eré náà. Wọn ò rí obìnrin tó ti ka ìwé náà lẹ́ẹ̀mẹ́ta kí ó tó lọ ra tíkẹ́ẹ̀tì.

Passionflix rí obìnrin yẹn. Eré tó fi èyí hàn jù ni Gabriel's Inferno. Láàárín àwọn olólùfẹ́ Twilight ni ìtàn yìí náà ti hù jáde, ó sì di ìwé ní 2011. Sylvain Reynard ni orúkọ tó wà lára ìwé, ṣùgbọ́n orúkọ ìnagijẹ ni, òǹkọ̀wé náà kò fojú hàn. Gabriel jẹ́ ọ̀jọ̀gbọ́n tó ń kọ́ni ní iṣẹ́ akéwì Dante ní yunifásítì kan ní Toronto, Julia sì jẹ́ akẹ́kọ̀ọ́ rẹ̀. Giulio Berruti, ará Ítálì, àti Melanie Zanetti, ará Ọsirélíà, ni wọ́n fi ṣe é. Ìwé kan ṣoṣo ni, fíìmù mẹ́ta ni wọ́n yọ nínú rẹ̀: àkọ́kọ́ jáde ní oṣù karùn-ún ọdún 2020, èkejì ní oṣù keje, ẹ̀kẹta ní oṣù kọkànlá.

Àwa tí a ti fi ìgbà kan ra fídíò Yorùbá ní Ìdúmọ̀tà, tí a wò ó títí dé ibi tí olórí eré fẹ́ jẹ́wọ́ ọ̀rọ̀, tí wọ́n wá kọ ọ́ síbẹ̀ pé kí a máa retí apá kejì, inú wa kì í dùn sí irú nǹkan báyìí. Ṣùgbọ́n ti Gabriel yàtọ̀. Àwọn tó sanwó gan-an ni wọn ò fẹ́ kí wọ́n gé ohunkóhun kúrò. Wọ́n fẹ́ gbọ́ ọ̀rọ̀ tí Gabriel sọ fún Julia lábẹ́ igi ápù bí ó ṣe wà nínú ìwé, wọ́n fẹ́ rí ìwé tí ó kọ sí i, wọ́n fẹ́ kí ó pẹ́. Ó sì pẹ́ lóòótọ́. Eré tí àwọn ènìyàn ń sọ pé ó gbóná, tí àwọn òbí ń ti ilẹ̀kùn kí wọ́n tó wò ó, ọkùnrin àti obìnrin inú rẹ̀ kò bá ara wọn sùn títí fíìmù kẹta fi ń lọ sí ìparí. Ojú, ọwọ́ àti ọ̀rọ̀ ló gbé gbogbo ìyókù. Ẹni tó bá rò pé ìhòòhò ni wọ́n ń tà níbẹ̀ kò tíì wò ó. Ìretí ni wọ́n ń tà, nítorí ẹni tó ń san owó oṣù yóò san ti oṣù tó ń bọ̀ bí ohun tó ń retí kò bá tíì dé.

Ohun mìíràn tí mo gbóríyìn fún wọn lé lórí ni ìwọ̀n tí wọ́n lẹ̀ mọ́ fíìmù kọ̀ọ̀kan. Ìpele márùn-ún ni, ó dà bí ìgbà tí olóúnjẹ ń béèrè irú ata tí o fẹ́ kí ó tó bu ọbẹ̀. Nísàlẹ̀ pátápátá ni èyí tí kò ní ata rárá. Èyí tó tẹ̀ lé e ń ta ahọ́n díẹ̀. Lẹ́yìn rẹ̀ ni ti ìfẹ́ gbígbóná, tí èyí tí wọ́n ní ó ń mú ọmọ ìka ẹsẹ̀ ká kò sì ń tẹ̀ lé e. Lókè téńté ni èyí tí wọ́n kìlọ̀ pé kí ẹnikẹ́ni má ṣí níbi iṣẹ́. Ẹ fi wé ti àwọn ìjọba. Ìgbìmọ̀ tó ń yẹ fíìmù àti fídíò wò ní Nàìjíríà, tí òfin ọdún 1993 dá sílẹ̀, ọjọ́ orí ló ń kọ sára páálí: 12, 15, 18. Ọ̀rọ̀ ẹni tí kò gbọdọ̀ wò ó ni wọ́n ń sọ, ó sì dára bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n obìnrin ẹni ọdún márùndínláàádọ́ta tó ti kọjá gbogbo nọ́ńbà wọ̀nyẹn kò rí ohunkóhun mú níbẹ̀. Ó lè jẹ́ pé ó fẹ́ràn ìtàn ìfẹ́ ṣùgbọ́n kò fẹ́ rí ara ẹnikẹ́ni. Ó lè jẹ́ pé ó fẹ́ rí i, ṣùgbọ́n ìyá ọkọ rẹ̀ wà ní pálọ̀ lálẹ́ òní. Ìwọ̀n márùn-ún yẹn dá a lóhùn kí ó tó tẹ bọ́tìnì.

Bí wọ́n ṣe ń ya ìran ìbálòpọ̀ náà yẹ ní sísọ, nítorí ọ̀pọ̀ òǹwòran rò pé òṣèré méjì kàn dùbúlẹ̀ ni, tí kámẹ́rà sì ń yí. Irọ́ gbáà ni. Ìwé ló kọ́kọ́ ń wá. Kí òṣèré tó dé ibi iṣẹ́, àdéhùn kan ti wà nílẹ̀ tó to gbogbo rẹ̀ lẹ́sẹẹsẹ: ẹ̀yìn lè hàn, àyà kò gbọdọ̀ hàn, ọwọ́ ẹnìkejì lè dé ibí lórí itan, kò gbọdọ̀ kọjá ibẹ̀. Lọ́jọ́ iṣẹ́, wọ́n á ní kí gbogbo ẹni tí kò bá ní iṣẹ́ kan pàtó bọ́ síta, wọ́n á sì pa ẹ̀rọ tí àwọn tó wà níta fi ń wo ohun tí kámẹ́rà ń yà. Aṣọ pẹlẹbẹ tó jọ àwọ̀ ara òṣèré ni wọ́n á fi téèpù lẹ̀ mọ́ ọn lára. Tìmùtìmù tẹ́ẹ́rẹ́, tàbí bọ́ọ̀lù tí wọ́n ti yọ afẹ́fẹ́ rẹ̀ kù sí ìdajì, á wà láàárín àwọn méjèèjì kí ara má baà kan ara. Lẹ́yìn náà ni wọ́n á máa ka ìṣísẹ̀: ení, orí sí òsì, èjì, ọwọ́ sí èjìká, ẹ̀ta, kí obìnrin mí sínú. Wọ́n á tún un ṣe, wọ́n á tún un ṣe, títí yóò fi sú wọn. Àwọn tó ti ṣe é sọ pé kò sí ohun tó dín ìfẹ́kúfẹ̀ẹ́ kù bí ẹni tó ń mú gbohùngbohùn dání lórí ẹni.

Iṣẹ́ tuntun ló bí èyí. Lẹ́yìn tí àṣírí ìwà ìfipábánilòpọ̀ Harvey Weinstein, olóòtú fíìmù Hollywood, tú ní oṣù kẹwàá ọdún 2017, tí àwọn òṣèrébìnrin bẹ̀rẹ̀ sí í sọ ohun tí ojú wọn ti rí, Emily Meade tó ń ṣe eré The Deuce fún HBO ní òun fẹ́ ẹnìkan tí yóò máa dúró ti òun bí wọ́n bá ń ya irú ìran bẹ́ẹ̀. Alicia Rodis ni wọ́n mú wá. Kí ọdún 2018 tó parí, HBO kéde pé gbogbo eré òun tó bá ní ìran ìbálòpọ̀ gbọ́dọ̀ ní irú alábòójútó bẹ́ẹ̀. Ẹgbẹ́ àwọn òṣèré Amẹ́ríkà, SAG-AFTRA, gbé ìlànà tirẹ̀ jáde ní oṣù kìíní ọdún 2020. Ita O'Brien, ará ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ló ṣe iṣẹ́ náà nínú eré Normal People. Nígbà tí Michaela Coel gba àmì-ẹ̀yẹ BAFTA ní 2021 nítorí eré I May Destroy You, Ita O'Brien ló fi àmì-ẹ̀yẹ náà sọrí. Mo ka èyí sí pàtàkì fún ìkànnì tó ń gbé lórí owó obìnrin. Obìnrin tó ń wo obìnrin ẹgbẹ́ rẹ̀ nínú fíìmù mọ ìgbà tí ẹ̀rù ń bà á. Bí ó bá rí i, yóò pa fíìmù náà, kò sì ní san ti oṣù tó ń bọ̀.

Àwọn ìkànnì ńlá náà ti wá jẹ nínú ọjà ìwé ìfẹ́ yìí. Bridgerton jáde lórí Netflix lọ́jọ́ Kérésìmesì ọdún 2020, ìwé ìfẹ́ Julia Quinn ni wọ́n ti yọ ọ́. Ní oṣù kọkànlá ọdún 2025, Crave ti Kánádà gbé Heated Rivalry jáde láti inú ìwé Rachel Reid, ìtàn ìfẹ́ ìkọ̀kọ̀ láàárín ọkùnrin méjì tó ń gbá họ́kì orí yìnyín, HBO Max sì gbé e dé Amẹ́ríkà. Crave kì í ṣe ìkànnì tí ẹni tó wà lẹ́yìn odi Kánádà máa ń dárúkọ. Àwọn tó ti ka ìwé náà ló gbé eré yẹn kọjá ààlà orílẹ̀-èdè.

Gbogbo èyí jẹ́ ti owó oṣù. Ẹ jẹ́ ká wá wo ibi tí wọ́n ti ń gba owó lójú ẹsẹ̀.

ReelShort jẹ́ ààpù tí Crazy Maple Studio ti California gbé jáde ní 2022. Òòró ni eré rẹ̀ wà, bí ènìyàn ṣe ń di fóònù mú. Abala kan kì í ju ìṣẹ́jú kan sí méjì lọ, eré kan a sì máa ní abala tó lé ní ọgọ́ta. Àwọn abala àkọ́kọ́ jẹ́ ọ̀fẹ́. Lẹ́yìn wọn, owó ẹyọ inú ààpù lo máa fi ṣí èyí tó kàn, owó gidi lo sì máa fi ra owó ẹyọ náà. Àṣà yìí ti gbilẹ̀ ní Ṣáínà kí ó tó dé Amẹ́ríkà. Wò ó bí owó yìí ṣe ń kọ ìtàn: bí ìṣẹ́jú kan bá ń parí lọ, nǹkan kan gbọ́dọ̀ ṣẹlẹ̀ tí yóò jẹ́ kí o tẹ bọ́tìnì. Nítorí náà ni wọ́n ṣe ń gbá ìyàwó létí ní gbogbo abala kẹta, tí ìyá ọkọ ń da omi sí i lórí, tí ọkùnrin tó ń tún ẹ̀rọ omi ṣe fi wá jẹ́ ọmọ olówó tó ní gbogbo ilé náà. Apple àti Google kì í gba àwòrán ìbálòpọ̀ tó ṣí sílẹ̀ gbangba láyè nínú ààpù tó bá ń kọjá lọ́wọ́ wọn, ìyẹn wà lára ohun tó mú kí ìfẹ́ ibẹ̀ máa parí sí ìfẹnukonu àti bọ́tìnì ṣẹ́ẹ̀tì méjì. Ọjọ́ bíi mẹ́wàá ni wọ́n fi ń ya odindi eré kan. Ẹni tó bá fi owó ẹyọ wo eré kan dé òpin, iye tó san lè ju ti tíkẹ́ẹ̀tì sinimá lọ, kò sì ní mọ̀ nítorí díẹ̀díẹ̀ ló ń jáde. Èmi ò lè fẹnu tẹ́ńbẹ́lú àwọn tó ń wò ó. Mo kàn mọ̀ pé ìfẹ́ tí kò lè dákẹ́ fún ìṣẹ́jú kan, ó ṣòro kí ó jọ ìfẹ́ àgbàlagbà.

Íńdíà fi apá kejì hàn wá. Lẹ́yìn tí ilé iṣẹ́ Jio wọ ọjà ní oṣù kẹsàn-án ọdún 2016, dátà di owó pọ́ọ́kú níbẹ̀, àìmọye ọkùnrin tó wà ní ìlú kéékèèké sì di ẹni tó ń wo fíìmù lórí fóònù tirẹ̀ fún ìgbà àkọ́kọ́. Balaji Telefilms ti Ekta Kapoor, tó fi eré ìyá ọkọ àti ìyàwó lókìkí lórí tẹlifíṣọ̀n, ṣí ALTBalaji ní 2017. Ullu dé ní 2018. Owó táṣẹ́rẹ́ ni wọ́n ń gbà, ìdíje sì pọ̀, ìyẹn ni eré náà fi ń kúrú sí i tí aṣọ sì ń kúrú sí i. Ìgbìmọ̀ tó ń yẹ fíìmù sinimá wò kò ní àṣẹ lórí ti íntánẹ́ẹ̀tì. Ìjọba wá fọwọ́ ara rẹ̀ mú un: ní oṣù kẹta ọdún 2024 wọ́n dí ìkànnì 18, ní oṣù keje ọdún 2025 wọ́n tún dí 25 mìíràn, Ullu àti ALTBalaji tó ti yí orúkọ padà sí ALTT wà nínú wọn. Ìkànnì tí kò ní ju ìhòòhò lọ láti tà kò ní ẹni tí yóò jáde sí gbangba láti gbèjà rẹ̀ lọ́jọ́ tí ọlọ́pàá bá kan ilẹ̀kùn. Oníbàárà rẹ̀ gan-an kò fẹ́ kí wọ́n mọ̀ pé òun ń wò ó.

Nílé wa ńkọ́? Ní oṣù kejìlá ọdún 2011, Jason Njoku àti Bastian Gotter dá iROKOtv sílẹ̀ láti máa ta fíìmù Nàìjíríà lórí íntánẹ́ẹ̀tì. Àwọn oníròyìn ń pè é ní Netflix ilẹ̀ Áfíríkà. Ní 2020, Njoku fúnra rẹ̀ kéde pé àwọn ń dín akitiyan àwọn kù nílẹ̀ Áfíríkà, kí àwọn lè gbájú mọ́ àwọn tó wà lókè òkun. Kò ṣòroó yé. Ẹni tó wà ní Peckham tàbí Houston ń san pọ́n-ùn tàbí dọ́là. Ẹni tó wà ní Òṣogbo ń san náírà tó ti já wálẹ̀, ó sì ní láti kọ́kọ́ ra dátà. Amazon Prime Video náà ṣe ìṣirò yìí, ní oṣù kìíní ọdún 2024 ó dáwọ́ owó tó ń ná sórí fíìmù tuntun ní Áfíríkà dúró.

YouTube ni àwọn òṣèré wa wá sá lọ. Ẹ ò rí bí Love in Every Word ti Omoni Oboli ṣe gba ìlú ní oṣù kẹta ọdún 2025: Uzor Arukwe àti Bambam, ọkùnrin olówó kan àti obìnrin kan tí kò fẹ́ tètè gbà, kò sí ju bẹ́ẹ̀ lọ, síbẹ̀ láàárín ọ̀sẹ̀ díẹ̀ àwọn ènìyàn ti wò ó ju ogún mílíọ̀nù ìgbà lọ. Ìtàn ìfẹ́ àgbàlagbà ni, ìyá àti ọmọ sì lè jókòó wò ó. Bẹ́ẹ̀ ló gbọ́dọ̀ rí, nítorí ìpolówó ọjà ló ń sanwó. Fídíò tí YouTube bá fi òǹtẹ̀ ọjọ́ orí lù, ìpolówó tó ń wá sórí rẹ̀ á gbẹ, ẹni tí kò bá forúkọ wọlé ò sì ní rí i wò. Nítorí náà ni ìran ìfẹ́ inú fíìmù Yorùbá orí YouTube ṣe ní ìlànà tirẹ̀ tí gbogbo wa ti mọ̀ sórí. Tọkọtaya wọ yàrá. Ọkọ di ìyàwó lọ́wọ́ mú, ó ní, "Olólùfẹ́ mi." Iná kú. Àkùkọ kọ. Ìyàwó jókòó sí etí bẹ́ẹ̀dì, ó ń so ìró mọ́ àyà, ó ń bojú wẹ̀yìn, ó ń rẹ́rìn-ín. Àwọn kan ń pe èyí ní ìwà ọmọlúàbí, mo sì gbà pé ó wà níbẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹni tó ń polówó ọṣẹ àti ìlédìí ọmọ náà wà lẹ́yìn ilẹ̀kùn yẹn, tó ń wo ohun tí wọ́n ń ṣe.

Ohun tó ń dùn mí níbẹ̀ kì í ṣe àìsí ìhòòhò. Ọ̀pọ̀ nínú ohun tó jẹ́ ti àgbàlagbà kò nílò kí aṣọ bọ́ lára ẹnikẹ́ni. Opó ẹni àádọ́ta ọdún tó ń fẹ́ ọkùnrin mìíràn nígbà tí àwọn ọmọ ọkọ rẹ̀ ń wò ó láìdunnú. Tọkọtaya tí wọ́n ti bímọ mẹ́rin, tí wọn kì í fọwọ́ kan ara wọn mọ́, tí kò sì sí ẹni tó mọ bí yóò ṣe dá ọ̀rọ̀ náà sílẹ̀. Ọkùnrin tó dé láti Ítálì lẹ́yìn ọdún méjìlá, tó bá ìyàwó rẹ̀ bí àlejò. Irú ìtàn wọ̀nyí nílò kí wọ́n pẹ́ nínú yàrá, kí wọ́n sọ̀rọ̀, kí wọ́n dákẹ́. Orí YouTube, ẹni tó ń wò á ti yí i kúrò kí wọ́n tó bẹ̀rẹ̀ sí í dákẹ́.

Ẹni tó bá fẹ́ ṣe irú eré bẹ́ẹ̀ ní Yorùbá gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ jókòó ti ìṣirò. Bí ẹgbẹ̀rún márùn-ún ènìyàn tó ń gbọ́ Yorùbá ní Lọ́ńdọ̀nù, Manchester, Maryland àti Texas bá ń san pọ́n-ùn mẹ́ta lóṣù, ẹgbẹ̀rún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún pọ́n-ùn ló ń wọlé lóṣooṣù, láìsí ọlọ́ṣẹ tí yóò pàṣẹ. Ẹgbẹ̀rún márùn-ún kì í ṣe ogún mílíọ̀nù; ọwọ́ lè tó o. Ṣùgbọ́n wọn ò ní sanwó fún ìkànnì tó bá tún ń gbé eré kan náà tí wọ́n lè rí lọ́fẹ̀ẹ́. Ẹ̀yin olóòtú fíìmù wa, ẹ wá àwọn òǹkọ̀wé tó ń kọ ìtàn ìfẹ́ lédè Yorùbá, ẹ ra ẹ̀tọ́ ìwé wọn pẹ̀lú àdéhùn tó dájú, ẹ kọ ọ́ sára fíìmù bí ata rẹ̀ ṣe ta tó kí àgbà lè mọ ohun tó ń rà, kí ẹ sì ní alábòójútó tí òṣèrébìnrin lè sọ fún pé rárá. Àwọn obìnrin tó ka ìwé tí kò ní èèpo mọ́ lábẹ́ aṣọ ìbora ní ilé ẹ̀kọ́ girama ti di ẹni àádọ́ta ọdún àti jù bẹ́ẹ̀ lọ báyìí. Wọ́n ní fóònù, wọ́n ní káàdì báńkì, wọ́n ṣì ń kàwé.